Gbèsè Tí Sàníù Yọ̀ǹda

Páànù mẹ́rìnlá péré ni Wándé káfíńtà ti kàn mọ́ orí ilé nígbà tí ìwé náà dé. Ọlọ́kadà kan ló gbé e wá, kò tilẹ̀ sọ̀ kalẹ̀. Ó ní láti ọ́fíìsì owó ìfẹ̀yìntì ni wọ́n ti rán òun, ó ní kí wọ́n fọwọ́ sí ibi báyìí pé ó ti dé ọwọ́ wọn. Àbíkẹ́ nu omi ẹ̀gẹ́ ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ìró, ó fọwọ́ sí i. Ọkùnrin náà yí ọ̀kadà padà, ó gba ọ̀nà Ìyànà Ọ̀fà lọ.

Ọdún méje ni Sàníù, ọkọ Àbíkẹ́, ti fi ń retí owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀. Láàárín ọdún méje yẹn, kò sí ẹnì kan ní ọ́fíìsì wọn tó mọ ilé rẹ̀ ní Lalupon. Òun ló ń lọ, òun ló ń bọ̀, òun ló ń tò sórí ìlà nínú oòrùn láti fi ara rẹ̀ hàn wọ́n pé òun kò tíì kú. Lónìí tí wọ́n ní ohun tí wọ́n fẹ́ gbà lọ́wọ́ rẹ̀, ọlọ́kadà mọ ilé láìbi ẹnikẹ́ni léèrè.

Ṣùgbọ́n Àbíkẹ́ kò mọ̀ pé gbígbà ni wọ́n ń gbà. Ọjọ́bọ̀ tó kọjá ni wọ́n lẹ orúkọ àwọn tí owó kàn mọ́ ògiri, orúkọ ọkọ rẹ̀ sì wà níbẹ̀, òun ló ṣìkẹtàdínlógún. Orúkọ yẹn ni Ọlájídé tó ń ta páànù rí tó fi kó ìdì páànù mẹ́fà fún wọn láwìn. Orúkọ yẹn náà ni wọ́n fi ra igi òrùlé. Ìjì oṣù Kẹta ló ṣí ilé wọn. Láti ìgbà náà, inú yàrá kan ṣoṣo tí páànù rẹ̀ kù ni tọkọtaya náà ń sùn, àwọn àti àpò gàrí mẹ́jọ, òjò oṣù Keje sì ti ń rọ̀ sínú yàrá yòókù.

"Bàbá Rùqáyyàh, ìwé yín dé o."

Sàníù ń mu ògì lábẹ́ igi máńgòrò. Ó gbé ṣíbí sílẹ̀, ó wá awò ojú rẹ̀, ó fi òwú tó so mọ́ ọn kọ́ etí, ó ka ìwé náà. Ó tún un kà. Lẹ́yìn náà ó ká a, ó fi í sábẹ́ abọ́ ògì kí afẹ́fẹ́ má baà gbé e lọ.

"Èló ni wọ́n kọ síbẹ̀?" Àbíkẹ́ bi í.

"Mílíọ̀nù kan àti igba ẹgbẹ̀rún náírà."

"Ẹ̀yin sọ pé mílíọ̀nù méjì ni gbogbo rẹ̀."

"Mílíọ̀nù méjì náà ni. Mílíọ̀nù kan àti igba ẹgbẹ̀rún ni wọ́n fẹ́ yọ níbẹ̀."

"Yọ ọ́ fún kí ni?"

Sàníù bu ògì kan sẹ́nu, ó gbé e mì. "Owó kànga," ó ní.

Lórí òrùlé, òòlù Wándé dákẹ́. Àbíkẹ́ gbójú sókè wo káfíńtà, ó wo ọkọ rẹ̀, ó sì ṣíwájú wọ inú ilé. Sàníù tẹ̀ lé e.

Ìwé náà kò gùn. Wọ́n ní ní ọdún 2012, Sàníù fọwọ́ sí owó tí kánsù fẹ́ fi tún kànga ẹlẹ́rọ mẹ́fà ṣe ní àwọn abúlé kan, pé láti ìgbà náà kò sí rìsíìtì, kò sì sí kànga. Wọn yóò yọ ọ́ nínú owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀. Bó bá ní ẹ̀rí pé ọwọ́ ẹlòmíràn ni owó náà wà, kó mú un wá kó tó di aago mẹ́rin ọ̀sán ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Keje.

"Ṣé kì í ṣe òní nìyẹn?"

"Òní ni."

"Ìgbà wo ni wọ́n kọ ọ́?"

"Ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù Kẹfà."

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ni ìwé náà fi sùn sórí tábìlì ẹnì kan tó ń gba owó oṣù.

Àbíkẹ́ mọ ẹni tó kó owó kànga. Gbogbo àwọn tó bá Sàníù ṣiṣẹ́ ló mọ̀ ọ́n. Ní kánsù ìgbà tiwọn, ọ̀gá kì í fọwọ́ sí owó. Ọmọ iṣẹ́ ló ń fọwọ́ sí i, ọ̀gá á sì na ọwọ́ gbà á. Ta ni yóò wá na ọwọ́ padà sí ọ̀gá pé kó mú rìsíìtì wá? Alhaji Ìyàndá ni ọ̀gá Sàníù, òun ló mú un wọ iṣẹ́. Lọ́jọ́ tó gba owó náà, ó já ìwé pélébé kan, ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé òun gbà á, òun yóò yanjú rẹ̀, ó buwọ́ lù ú. Ìwé pélébé yẹn ni Sàníù tọ́jú fún ọdún mẹ́tàlá.

"Ẹ̀rí yín ńkọ́?" Àbíkẹ́ bi í, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó mọ̀.

"O mọ ibi tó wà."

Ó mọ ibẹ̀. Ní oṣù Kẹrin tí Alhaji kú, tí wọ́n fẹ́ gbé e wọ kòtò ní Olódò, àfáà bèèrè bí wọ́n ṣe máa ń bèèrè: ẹni tí olóògbé bá jẹ lówó, kó jáde kó sọ, kí àwọn ọmọ rẹ̀ lè san án, ẹni tó bá sì lè yọ̀ǹda, kó yọ̀ǹda, nítorí gbèsè wúwo lọ́rùn òkú. Ó kéré tán, èèyàn mẹ́wàá ló wà níbẹ̀ tí Alhaji jẹ. Ilẹ̀ ni gbogbo wọn ń wò. Sàníù nìkan ló jáde. Ó yọ ìwé pélébé náà nínú àpò, ó fi í lé Roheem, àkọ́bí olóògbé, lọ́wọ́. Ó ní, "Ohun tó wà láàárín èmi àti bàbá yín nìyí. Mo ti yọ̀ǹda rẹ̀ fún wọn, láyé, lọ́run." Àwọn èèyàn ní Allāhu Akbar. Bàbá arúgbó kan di ọwọ́ rẹ̀ mú, kò fẹ́ fi í sílẹ̀ mọ́.

Ká má parọ́, inú Àbíkẹ́ náà dùn lọ́jọ́ yẹn. Láàárín àwọn obìnrin, ẹnì kan bi í pé ṣé ọkọ rẹ̀ nìyẹn, ó ní òun ni, orí rẹ̀ sì wú. Nígbà tí wọ́n padà dé Lalupon, ó sọ ọ́ níbi tí wọ́n ti ń yan gàrí, ó tún un sọ lọ́jọ́ kejì fún àwọn tí kò sí níbẹ̀ lọ́jọ́ kìíní. Ìjì ti ṣí ilé nígbà náà. Kò sẹ́ni tó ronú kan pé ìwé pélébé àti páànù lè ní ohun kan jọ ṣe.

"Ẹ lọ bá Roheem, ẹ gba ìwé náà," ó ní.

"Mi ò lè lọ."

"Ẹ lè lọ. Ọkọ̀ wà."

"Ohun tí mo fi sílẹ̀ fún òkú lójú àfáà, ṣé kí n tún wá lọ gbà á lọ́wọ́ ọmọ rẹ̀? Ẹyin lọ̀rọ̀, Àbíkẹ́. Bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́."

"Ẹyin tí ẹ fọ́ yẹn, orí tèmi ló fọ́ sí."

Sàníù jókòó sórí àpò gàrí, ó ń nu awò ojú rẹ̀ tí kò dọ̀tí.

"Ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́," Àbíkẹ́ ń bá a lọ. "Ọdún mẹ́tàlá lẹ fi dákẹ́ fún Alhaji. Ọjọ́ kan ṣoṣo tí ẹ wá máa lanu, ẹ lanu láti fi tọrẹ. Wọ́n ní ẹni tó jẹ gbì ni yóò kú gbì. Alhaji jẹ gbì, ó sùn sórí bẹ́ẹ̀dì, ó kú jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Ẹ̀yin tí ẹ ò tọ́ ọ wò..."



"Òun ló mú mi wọ iṣẹ́," ni Sàníù wí.

"Mo gbọ́."

Ó dìde, ó wọ bùbá tó fi ń lọ sí ọ́fíìsì nígbà ayé iṣẹ́ rẹ̀, ó dé fìlà. Ó ní òun ń lọ bá wọn, òun yóò ṣàlàyé.

"Kí lẹ máa ṣàlàyé fún wọn?"

"Òtítọ́."

Àbíkẹ́ wò ó láti orí dé ẹsẹ̀.  Sàníù mú ìwé abẹ́ abọ́ ògì, ó jáde lọ sí ojú títì.

Ilé tí kò lórùlé kì í bo ọ̀rọ̀. Láti oṣù Kẹta ni gbogbo àdúgbò ti ń gbọ́ tọkọtaya yìí bí ẹni pé ọjà ni wọ́n jókòó sí, ti àárọ̀ yìí kò sì yàtọ̀. Nígbà tí Àbíkẹ́ fi máa jáde, Wándé ti sọ̀ kalẹ̀ látorí ilé, ó ń ṣa ìṣó rẹ̀ sínú agolo.

"Kí ló dé tí o sọ̀ kalẹ̀?"

"Mo kàn ní kí n sinmi díẹ̀ ni, mà."

"Aago mẹ́sàn-án àárọ̀?"

Wándé wo ilẹ̀. Òun náà ní àwọn tó ń bọ́.

Kó tó di aago mẹ́wàá, ọ̀rọ̀ ti dé ọjà, ó ti dé ibi tí wọ́n ti ń lọ ẹ̀gẹ́. Wọ́n ní Sàníù Akọ̀wé kó owó ìjọba jẹ. Wọ́n ní àṣírí tú. Obìnrin kan tó gbóríyìn fún Sàníù ní oṣù Kẹrin ní òun ti ń rò ó tẹ́lẹ̀, pé owó wo ló fi ń kan páànù tuntun? Wọ́n kúkú rí i pé àwìn ni. Ṣùgbọ́n ẹnu èèyàn kì í dúró gba ìṣirò.

Ibẹ̀ ni Ọlájídé elépáànù ti gbọ́, ó sì wá bá Àbíkẹ́ nílé. Ọmọlúàbí ni, ó dọ̀bálẹ̀ kó tó sọ̀rọ̀.

"Ìyá wa, mo gbọ́ ọ̀rọ̀ kan."

"Bí o bá gbọ́ ọ, òun ni."

"Ẹ má bínú sí mi. Owó àjọ ni mo fi ra ọjà yìí."

"Mi ò bínú sí ọ."

"Mò ń padà bọ̀ nírọ̀lẹ́ pẹ̀lú ọkọ̀. Bó bá jẹ́ owó ni mo bá, a ó jọ rẹ́rìn-ín. Bó bá jẹ́ àlàyé ni, mà, màá kó páànù mi."

"Èyí tí wọ́n ti kàn ńkọ́?"

Ọlájídé gbójú sókè, ó ka àwọn mẹ́rìnlá náà lójú. "Èyí tí ìṣó bá ti lù kì í padà sí ṣọ́ọ̀bù," ó ní. "Ẹ ó san ìyẹn."

Nígbà tó lọ tán ni Àbíkẹ́ tó mọ ohun tí òun yóò ṣe. Bí Sàníù kò bá lè lọ sí Olódò, òun lè lọ. Òun kò yọ̀ǹda ohunkóhun fún òkú kankan. Àfáà kò bi òun.

Àpò ẹ̀gẹ́ méjì wà lábẹ́ jáàkì tí wọ́n fi ń fún un, omi wọn ti fẹ́rẹ̀ gbẹ tán. Bí wọn kò bá yan án lónìí, yóò kan jù, kò ní sẹ́ni tó máa rà á. Ó lọ bá Ìyá Jonathan, aládùúgbò rẹ̀ tí wọ́n jọ ń lo agbada kan.

"Ẹ máa lọ," Ìyá Jonathan sọ kó tó bẹ̀ ẹ́. "Màá bá yín yan án. Gbogbo rẹ̀ ni mo gbọ́, kì í ṣe pé mo dúró gbọ́ ọ o." Ó wé àkàrà mẹ́ta sínú ewé, ó tì í sọ́wọ́ rẹ̀. "Ẹ jẹ èyí. Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Ẹ sì jọ̀ọ́, ẹ má bá opó jà."

Àbíkẹ́ kò ṣèlérí. Láti Lalupon dé Olódò, nínú ọkọ̀ tó kún fún àpò àgbàdo, ìjà náà ló ń tò lẹ́sẹẹsẹ. Ohun tí yóò kọ́kọ́ sọ nìyí, ohun tí yóò fi tẹ̀ lé e nìyí. Bí Roheem bá ní òun kò rí ìwé, ó ti mọ èsì rẹ̀. Bí wọ́n bá ní kó jáde, ó ti mọ ibi tí yóò jókòó sí.

Ilé Alhaji ga. Ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ rẹ̀ wà níwájú ilé, wọ́n ti yọ táyà rẹ̀, wọ́n gbé e lé búlọ́ọ̀kù. Alhaja Mùjíbátù, ìyálé, ni Àbíkẹ́ bá nínú pálọ̀. Ó wà nínú opó, oṣù mẹ́rin àti ọjọ́ mẹ́wàá rẹ̀ kò tíì pé, kì í jáde. Ó wọ aṣọ kan tí wọ́n ti fọ̀ fọ̀ fọ̀ títí tí kò fi ní àwọ̀ mọ́. Wọ́n kí ara wọn, wọ́n bèèrè ọmọ, wọ́n bèèrè ara.

"Ẹ wá bá mi jẹun," ni Alhaja wí.

Gàrí ló ń mu. Aago ti lé ní méjìlá, gàrí ni, pẹ̀lú ẹ̀pà díẹ̀ nínú ìdérí agolo. Ọmọdé kọ́ ni Àbíkẹ́ nídìí gàrí. Ó wò ó lẹ́ẹ̀kan, ó mọ̀ pé èyí tí owó rẹ̀ kéré jù lọ́jà ni, tí wọn kò sẹ́, tí wọn kò yan jinná, tí àwọn èèyàn ń rà nígbà tí kò sí bí wọ́n ṣe fẹ́ ṣe é. Ó béèrè omi tútù. Alhaja ní kó má bínú, wọ́n ti wá gé iná. Fírísà ńlá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, ìdérí rẹ̀ kò pa dé, etí aṣọ yọ jáde níbẹ̀.

Àbíkẹ́ sọ ọ̀rọ̀ náà. Kò sọ ọ́ bó ṣe tò ó nínú ọkọ̀. Ó sọ ti ìwé, ó sọ ti owó, ó sọ ti aago mẹ́rin, ó sọ ti páànù.  Alhaja ń fi ṣíbí ro gàrí rẹ̀ tó ti wú kún abọ́.

"Ìyá Rùqáyyàh," ó ní, "owó ìfẹ̀yìntì Alhaji náà kò tíì jáde. Ọdún mẹ́wàá. Wọ́n kú, wọ́n ń retí rẹ̀ ni. Wọ́n ní ká mú ìwé ikú wá, a mú un lọ. Wọ́n ní ká mú ti ilé ẹjọ́ wá, a sanwó, a mú un lọ. Bí ìwé yẹn bá dé ọwọ́ wọn, inú tiwa ni wọn yóò ti yọ owó kànga."

"Inú tiyín ló yẹ kí wọ́n ti yọ ọ́."

"Òun ni mo ń sọ."

Àbíkẹ́ ti ṣètò èsì fún gbogbo nǹkan, àfi èyí.

Alhaja fi ẹsẹ̀ rẹ̀ nu ilẹ̀ pálọ̀. Táìsì ni, ó ń dán. "Mo máa ń jókòó síbí, mo máa ń wo ilẹ̀ yìí," ó ní. "Mo máa ń ro ó pé èwo ló jẹ́ kànga nínú ẹ̀."

Ó dìde, ó wọlé. Ó pẹ́ kó tó jáde. Inú èèpo Kùránì ló ti yọ ìwé pélébé náà, ó ṣì ká bí Sàníù ṣe ká a. Kò fi í lé Àbíkẹ́ lọ́wọ́. Ó gbé e sórí tábìlì, lẹ́gbẹ̀ẹ́ abọ́ gàrí.

"Roheem ní kí n ya á. Mi ò ya á. Ohun tí ẹnì kan fi dá òkú mi sílẹ̀, mi ò lè ya á." Ó jókòó. "Àwọn ọmọ mẹ́ta tí ìyàwó kékeré bí ṣì wà nílé ìwé. Mi ò fi bẹ̀ yín o. Mo kàn sọ ọ́ ni. Ẹ mú un, ọjọ́ ń lọ."

Àbíkẹ́ mú un. Ó dé ẹnu ọ̀nà kí Alhaja tó tún sọ̀rọ̀.

"Ẹ bá mi kí Bàbá Rùqáyyàh. Ẹ ní mo dúpẹ́ ti ọjọ́sí."

Aago mẹ́ta kọjá ogún ìṣẹ́jú nígbà tó dé ọ́fíìsì ní ìgboro. Orí bẹ́ǹṣì ló bá Sàníù. Láti aago mọ́kànlá ló ti jókòó síbẹ̀, wọn kò tíì pè é. Àkàrà kan kù nínú ewé Ìyá Jonathan, Àbíkẹ́ fún un, ó jẹ ẹ́. Lẹ́yìn náà ló fi ìwé hàn án.

"Ta ló fún ọ?"

"Alhaja ni."

"Ó fún ọ ni, àbí o gbà á?"

"Ó gbé e síwájú mi."

Sàníù wo ìwé náà, kò fọwọ́ kàn án. Ìgbà náà ni wọ́n pè wọ́n wọlé.

Obìnrin tó wà nídìí ọ̀rọ̀ náà ń jẹ́ Olúyínká. Kò tíì pé ogójì ọdún, fáìlì kún iwájú rẹ̀ dé àgbọ̀n, fáànù orí rẹ̀ kò yí. Ó dìde kí wọn, ó pè wọ́n ní bàbá àti ìyá, ó fún Sàníù ní àga tirẹ̀ nítorí àga kan ṣoṣo ló wà. Ó ka ìwé pélébé náà lóòró.

"Ìwé yìí dáa," ó ní. "Mo mọ ọwọ́ yìí. Ó wà nínú fáìlì wa káàkiri."

Àbíkẹ́ sún mọ́ tábìlì.

"Mo lè gbà á. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ibi tó ń lọ fún yín. Bí mo bá ti gbà á, ó kúrò lọ́wọ́ mi, ó di ti ìgbìmọ̀. Wọ́n á dá owó bàbá dúró, gbogbo ẹ̀. Wọ́n á dá ti olóògbé náà dúró. Ó di ọjọ́ tí wọ́n bá jókòó."

"Ìgbà wo ni wọ́n máa ń jókòó?"

"Mà, mo ní èèyàn tí mo fi ọ̀rọ̀ wọn ránṣẹ́ ní ọdún 2019. Wọn ò tíì pè wọ́n."

"Bí a ò bá fún yín ńkọ́?"

"Bàbá á fọwọ́ sí i pé kí wọ́n yọ ọ́. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹgbẹ̀rin náírà tó kù á wọ àkáǹtì wọn lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀." Ó rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀. "Bí a bá ní ká bẹ́ igi, a ó bẹ́ èèyàn, mà. Èmi náà ń wò ó."

"Ṣé ìwọ gbà pé ọkọ mi ló jẹ owó yìí?"

Olúyínká wo ìwé pélébé náà, ó wo fáìlì. "Wọn ò bi mí bóyá mo gbà, mà."

Aago ara ògiri ti di mẹ́rin ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Sàníù mú bírò, ó sì dúró. Láti ọdún mẹ́tàlá tí ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀, kò bi ìyàwó rẹ̀ léèrè nǹkan kan nípa rẹ̀ rí. Kò bi í nígbà tó fọwọ́ sí owó. Kò bi í nígbà tó jáde síwájú àfáà.

"Kí la máa ṣe?" ó bi í.

Inú ń bí Àbíkẹ́. Ó ń bí i sí Alhaji, ó ń bí i sí Sàníù, ó ń bí i sí ẹni tó fi ìwé sórí tábìlì fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ó tilẹ̀ ń bí i sí ọmọbìnrin yìí tó fi àga rẹ̀ sílẹ̀, tó sì wà lórí ìdúró. Ó ro ìdì páànù mẹ́fà. Ó ro ọdún 2019. Ó ro gàrí tí kò jinná nínú abọ́ tánganran olówó ńlá. Ibi yòówù kó gbà á, ọ̀nà náà kò kan ẹni tó jẹ owó, ó sì kúkú ti kú. Ó na ọwọ́ sórí tábìlì, ó fa ìwé pélébé náà padà, ó fi í sí ìdí ìró.

"Ẹ fọwọ́ sí i," ó ní.

Sàníù fọwọ́ sí i. Ẹ̀ẹ̀mejì nìyí tó fọwọ́ sí owó kan náà. Ní àkọ́kọ́, ó fọwọ́ sí i pé òun gbà á, kò sì gbà á. Ní ẹ̀ẹ̀kejì, ó fọwọ́ sí i pé òun jẹ ẹ́, kò sì jẹ ẹ́. Olúyínká lu òǹtẹ̀ mọ́ ọn, ó ní kí Ọlọ́run ṣàánú wa, ó gbé e sórí àwọn fáìlì yòókù.

Nígbà tí wọ́n fi máa dé Lalupon, ọkọ̀ Ọlájídé ti wà níwájú ilé, ó jókòó sí abẹ́ igi máńgòrò, kò tíì fọwọ́ kan nǹkan kan. Sàníù fẹ́ bẹ̀rẹ̀ àlàyé. Àbíkẹ́ ní kó jọ̀ọ́, kó jókòó.

"Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹgbẹ̀rin ni wọ́n máa san, lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀," ó sọ fún Ọlájídé. "Owó igi òrùlé wà níbẹ̀, ti Wándé wà níbẹ̀. Ìdì méjì ni agbára wa ká, èyí tí Wándé ti tú wà lára rẹ̀. Kó mẹ́rin lọ."

Ọlájídé bojú wo ọkọ̀ rẹ̀. "Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ lẹ wí?"

"Ohun tí wọ́n wí nìyẹn. Bí wọn ò bá san án, àpò gàrí mẹ́jọ wà nínú yàrá. Wá kó o."

Ó gbà. Òun àti Wándé ló jọ gbé ìdì mẹ́rin náà sínú ọkọ̀, wọn kò sọ̀rọ̀ púpọ̀, wọ́n sì rọra ń gbé e kí ó má baà dún, bí ẹni ń gbé nǹkan jáde nílé tí aláìsàn wà. Àwọn aládùúgbò dúró lẹ́nu ọ̀nà wọn, wọ́n ń wò. Àwọn tó ní Sàníù kó owó jẹ rí i bí wọ́n ṣe ń kó páànù lọ, wọ́n ní ṣé ẹ rí i. Kò sẹ́ni tó bi ara rẹ̀ pé olè wo ni wọ́n ń kó páànù kúrò nílé rẹ̀.

"Apá ibo ni kí n kàn, mà?" Wándé bèèrè.

Àbíkẹ́ ti rò ó nínú ọkọ̀. "Yàrá wa, yàrá gàrí, àti ti Rùqáyyàh bó bá wá kí wa. Fi pálọ̀ sílẹ̀."

"Pálọ̀ lẹ máa ṣí sílẹ̀?"

"Ta ló kù tí a fẹ́ gbà lálejò?"

Ìyá Jonathan gbé gàrí wá. Ó ti yan án, ó ti sẹ́ ẹ, ó funfun, ó gbẹ, ó ń dún ṣaaṣa bí èèyàn bá fọwọ́ bù ú. Kò bèèrè nǹkan kan. Ó gbé e kalẹ̀, ó ní ó dọ̀la, ó lọ. Àbíkẹ́ wọn kóńgò mẹ́rin sínú àpò kékeré kan, ó so ẹnu rẹ̀, ó gbé e sí ẹ̀gbẹ́ ògiri lọ́tọ̀.

"Ta ló ni èyí?" Sàníù bi í.

"Àwọn ará Olódò ni. Èyí tí wọ́n ń mu níbẹ̀ kò jinná."

Sàníù mi orí. Ó na ọwọ́. "Mú ìwé náà wá, kí n fi sí i, kí Alhaja gbà á padà."

"Ìwé wo?"

"Ìwé Alhaji."

"Ìyẹn kì í ṣe tiyín mọ́," Àbíkẹ́ ní. "Ẹ̀yin ti yọ̀ǹda tiyín. Èmi ni wọ́n gbé èyí síwájú."

Ó bu ẹ̀bà fún un, ó bu ọbẹ̀ sí i, ó fún un lómi tí yóò fi ṣan ọwọ́. Òun náà jókòó. Wándé ti padà sórí ilé, ó fẹ́ kan mélòó kan sí i kí ilẹ̀ tó ṣú. Wọ́n jẹun díẹ̀.

"Bàbá Rùqáyyàh."

"Un."

"Bí ẹlòmíràn bá tún kú, ẹ dúró sílé. Èmi ni màá lọ."

Sàníù tún òkèlè tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ mọ, ó fi run ọbẹ̀. Kò bá a jiyàn.